Ọ̀rọ̀ Kan Tí Kò Lámì

Aago méjì ọ̀sán ọjọ́ Ẹtì ni. Àwa tí a ṣiṣẹ́ òwúrọ̀ ń jáde, àwọn oníṣẹ́ ọ̀sán ń wọlé. Ọkùnrin kan dúró lẹ́nu géètì ilé iṣẹ́ wa ní Ìsọlọ̀, ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì funfun, ó na fóònù rẹ̀ síwájú bí ẹni tó fẹ́ ya fọ́tò. Kò ya fọ́tò. Ohùn kan ló ń jáde látinú fóònù náà. Bí obìnrin kọ̀ọ̀kan bá ti yọ, á tẹ̀ ẹ́, ohùn náà á tún sọ̀rọ̀, á wá béèrè pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ohùn ta nìyí?"

Àwọn tó ṣáájú mi wo ilẹ̀, wọ́n kọjá. Mo rò pé olè ló ń wá. Nígbà tó kàn mí, mo gbọ́ ẹ̀rín àwọn obìnrin nínú fóònù, mo gbọ́ ìró abọ́ ike, lẹ́yìn náà mo gbọ́ ohùn ara mi tó sọ ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, pẹlẹbẹ, bí ẹni tó ń ka nọ́ńbà: "Ikuyẹ."

"Ohùn mi ni, sà," mo ní. "Ṣé kò sí o?"

Ó wò mí láti orí dé ẹsẹ̀. "Ẹ̀yin nìyẹn?"

"Èmi ni."

"Láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni àbúrò mi obìnrin ti wà lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù. Apá ọ̀tún ẹ̀ ti kú. Ẹsẹ̀ ọ̀tún ẹ̀ ti kú. Kò lè sọ̀rọ̀. Ọjọ́ Sátidé lẹ jókòó níbí, tí ẹ sọ fún un pé ikú yẹ ẹ́. Ojú ẹni tó sọ ọ́ ni mo wá wò."

Kò pariwo. Ìyẹn ló bà mí lẹ́rù. Ó fi fóònù sápò, ó ní, "Tí àbúrò mi ò bá sọ̀rọ̀ mọ́, ẹ̀yin náà ò ní sọ̀rọ̀ mọ́ láyé yìí. Mo ti wí tèmi." Ó wọ kẹ̀kẹ́ Márúwá kan, ó lọ.

Mo dúró síbẹ̀. Tírélà kan fọn fèrè kí n kúrò lójú ọ̀nà, àwọn tó wà lẹ́yìn mi sì ń pè mí, mò ń gbọ́ wọn. Mi ò kàn rántí bí wọ́n ṣe ń gbé ẹsẹ̀.

Ó yẹ kí n ṣàlàyé ọ̀rọ̀ yẹn. Mo ti ṣàlàyé ẹ̀ fún ọ̀pọ̀ èèyàn tí kò yé, torí náà mo máa rọra ṣe é.

Ilé iṣẹ́ tó ń ṣe abọ́ àti garawa oníke ni. Obìnrin mẹ́sàn-án la wà nínú gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń di ọjà, èmi ni mo dàgbà jù. Ìwé girama ni mo kà mọ, mi ò lọ síwájú. Iṣẹ́ wa ni pé kí a ki abọ́ bọnú ara wọn ní méjìlá méjìlá, kí a fi ọ̀rá wé e, kí a tò ó sínú páálí. Tí ẹ̀rọ bá ń ṣiṣẹ́, igbe la fi ń bára wa sọ̀rọ̀. Tí iná bá lọ, tàbí tí epo dísù bá tán nínú jẹnẹrétọ̀, gbogbo rẹ̀ á dákẹ́ lójijì, a ó jókòó sórí páálí, wọ́n á ní, "Àǹtí, ibo la dé?"

Ìtàn ni wọ́n ń béèrè. Kì í ṣe àlọ́ ìjàpá. Èmi fúnra mi ni mò ń hun ún, láti ọ̀sẹ̀ dé ọ̀sẹ̀, mo sì ní ìwé kan tí mò ń kọ ọ́ sí kí n má baà ṣi ara mi lọ́nà. Ìlú kan wà tí kò ní ilẹ̀. Okùn ni wọ́n fi so gbogbo ilé ibẹ̀ kọ́ sára òṣùpá. Afárá okùn ni títì wọn. Tí ẹnì kan bá pariwo, okùn á mì, ilé á máa fì, ìkòkò á yí dànù lórí iná. Ìyà tó sì tóbi jù ní ìlú náà ni kí wọ́n gé okùn èèyàn. Nítorí èyí, wọ́n fòfin dè é pé ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fi èdè tí wọ́n fi ń jà ṣẹjọ́. Wọ́n ní èdè kan lọ́tọ̀ fún òfin, èdè tí ohùn rẹ̀ kì í gòkè, tí kì í sì í wálẹ̀.

Ibi tí mo ti rí ìyẹn kò ju kíláàsì alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lọ. Olùkọ́ wa máa ń fi pàṣán lu tábìlì: dò, re, mí. Ohùn ìsàlẹ̀, ohùn àárín, ohùn òkè. Àárín nìkan ni mo mú. Mo pè é ní Èdè Re. Tí èèyàn bá fẹ́ kọ ọ́ sílẹ̀, kò ní fi àmì kankan sórí ọ̀rọ̀ rẹ̀.

Àwọn ọ̀rọ̀ náà kò ju ogún lọ. Ẹni tó mú ẹjọ́ wá á ní "sanifo". Tí adájọ́ bá fẹ́ gbọ́ tẹnu ẹnìkejì, á ní "dalumọ". Ẹni tó bá gbà pé òun jẹ̀bi á ní "rẹmuso". Tí ẹjọ́ bá ti parí, tí ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ dá a sọ mọ́, adájọ́ á ní "ikuyẹ".

Ọ̀dọ̀ ìyá ìyá mi ni mo ti mú ìyẹn. Kì í jẹ́ ká sùn láìṣàdúrà pé kí ikú yẹ̀ lórí wa, kí àrùn yẹ̀ lórí wa. Mo rò ó pé tí wọ́n bá parí ẹjọ́ ní ìlú yẹn tí wọn ò gé okùn ẹnikẹ́ni, ikú ti yẹ̀ nìyẹn. Mo yọ àmì kúrò lórí "kú", mo yọ àmì kúrò lórí "yẹ̀", mo so wọ́n pọ̀. Mi ò rò ó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mi ò sọ fẹ́nì kankan ibi tí mo ti mú un, torí pé kò jọ ohun tí èèyàn ń sọ.

Kò pẹ́ tí àwọn obìnrin fi bẹ̀rẹ̀ sí í fi Èdè Re ṣẹjọ́ tiwọn. Ọ̀rẹ́ mi kan wà tí a jọ ń di ọjà lórí tábìlì kan náà, Ìyá Ìbejì là ń pè é. Lọ́jọ́ kan tí iná lọ, ó dìde.

"Sanifo," ó ní. "Ẹnì kan ti jẹ ẹ̀pà mi."

"Dalumọ," mo ní.

Sisí tó kéré jù nínú wa fèsì pé, "Ṣé ẹ kọ orúkọ sára ẹ̀pà ni?"

"Ohùn ẹ gòkè," wọ́n ní.

"Kò gòkè."

"Ó gòkè. Okùn ti mì. Ilé Ìyá Ìbejì ti ń fì."

"Ilé mi ti ń fì tipẹ́," ni Ìyá Ìbejì wí. "Ẹ lọ bi ọkọ mi."

A rẹ́rìn-ín títí ọ̀gá alábòójútó fi yọjú. Ṣùgbọ́n ó ní ohun tí ẹjọ́ yẹn ń ṣe fún wa. Ẹni tó bá gbé ohùn sókè ti jẹ̀bi, ìbáà jẹ́ òun ló ni ẹ̀tọ́. Àwa tí a ń lọgun látàárọ̀, ibẹ̀ nìkan la ti ń bára wa sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́. Àwọn méjì tí wọn ò ti kíra wọn fún oṣù kan parí ìjà wọn níbẹ̀. Inú mi dùn sí i. Mi ò ní parọ́.

Obìnrin tí ọ̀rọ̀ yìí kàn dé ilé iṣẹ́ wa nígbà tí ìtàn ti lọ jìnnà. Ọ̀ṣun ló ti wá, ó ń gbé lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin nínú Ìsọlọ̀ níbí. Ó tó ẹni ogójì ọdún. Kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó máa ń di gèlè mọ́rí pinpin, tí a bá bi í, á ní orí ló ń fọ́ òun. Nígbà tí a bá ń sọ ìtàn, ẹ̀gbẹ́ ògiri ló máa ń jókòó sí, ó máa ń rẹ́rìn-ín nígbà tí àwọn yòókù bá rẹ́rìn-ín. Mo rò pé ó ń bá wa bọ̀. Kò sí ẹni tó padà sẹ́yìn sọ ìbẹ̀rẹ̀ fún un.

Ọjọ́ Sátidé yẹn, ó gbé báàgì rẹ̀ kọ́ sórí ìṣó tí Sisí ń lò. Sisí pè é lẹ́jọ́. Ẹjọ́ eré ni. Wọ́n sọ tiwọn, mo ní kó gbé báàgì rẹ̀ sórí ìṣó kejì, mo wá ní, "Ikuyẹ."

Ẹ̀rín kúrò lójú rẹ̀. "Kí ni wọ́n sọ yẹn?"

Ìyá Ìbejì ló dá a lóhùn. "Wọ́n ti dá ẹjọ́ ẹ nìyẹn. Ó ti parí fún ẹ."

Iná dé. Ẹ̀rọ bú ramúramù. Mo rí i tí ẹnu rẹ̀ ń mì, ó kọjú sí mi, mi ò gbọ́ ohun tó ń sọ. Mo juwọ́ sí i pé kò sí wàhálà, mo gbé ọ̀rá, mo ń bá iṣẹ́ mi lọ. Ohun tí mo ṣe nìyẹn. Mo ti rò ó lọ rò ó bọ̀: ká ní iná yẹn pẹ́ díẹ̀ sí i kó tó dé, bóyá màá ti ṣàlàyé. Bóyá mi ò sì ní ṣàlàyé.

Ó wá lọ́jọ́ Ajé. Ó kí mi lókèèrè. Ojú rẹ̀ wú bí ojú ẹni tí kò sùn, mo sì rí i, mi ò bi í. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, kò wá. Inú kẹ̀kẹ́ Márúwá tó ń gbé e bọ̀ wá síbi iṣẹ́ ló ti ṣubú lu ẹni tó jókòó tì í. Ìyá Ìbejì ti gba ohùn ẹjọ́ náà sílẹ̀ lọ́jọ́ Sátidé, ó fi ránṣẹ́ sí gbogbo wa lórí fóònù fún ẹ̀rín. Ibẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n obìnrin náà ti rí i, nínú fóònù àbúrò rẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì ọjọ́ tí ẹ̀gbọ́n náà wá sí géètì, ọ̀gá alábòójútó pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Ẹ máa lọ sílé ná, mà," ó ní. "Kì í ṣe pé a lé yín. Àwọn tó wà lókè ló ní kí ẹ sinmi." Mo bi í pé títí di ìgbà wo. Ó ní òun náà ò mọ̀.

Ọjọ́ Àìkú ni wọ́n wá sí ilé tí mò ń gbé. Bí aago mẹ́wàá àárọ̀ ni, mo ń fọ aṣọ lẹ́yìnkùlé. Ọkùnrin mẹ́fà, obìnrin méjì, ẹ̀gbọ́n náà ló ṣáájú. Kí wọ́n tó dé ọ̀dọ̀ mi ni ohùn mi ti ń dún ní ìta, nínú fóònù oríṣiríṣi, ọ̀kan lẹ́yìn òmíràn. Àwọn ará àdúgbò ti jáde. Wọ́n fà mí sí títì. Mo mọ ẹni tó kọ́kọ́ gbá mi létí, ó máa ń ra ọṣẹ lọ́wọ́ ẹni tó wà ní yàrá kejì sí tèmi. Mi ò ní kọ jù bẹ́ẹ̀ lọ nípa rẹ̀.

Wọ́n ń sọ pé àjẹ́ ni mí. Ẹ̀gbọ́n náà nìkan ni kò sọ ọ́. Lẹ́nu géètì, "ẹ" ló fi bá mi sọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ yẹn, "o" ló ń pè mí.

"Tú u," ó ní. "O mọ ọ̀rọ̀ tí o sọ. Sọ èyí tó máa tú u."

Mo mọ ohun tó ń béèrè. Ọ̀rọ̀ ogún ni mo ní, kò sí èyí tó ń tú ẹjọ́ ká nínú wọn, torí pé n kò tíì dé ibẹ̀ nínú ìtàn. Mo lè ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe é lójú ẹsẹ̀. Ó kù díẹ̀ kí n ṣe é. Ọ̀rọ̀ kan tilẹ̀ ti wá sí mi lẹ́nu. Ṣùgbọ́n mo rò pé bí mo bá là á lẹ́nu, mo ti gbà pé èyí àkọ́kọ́ mú un nìyẹn. Mo pa ẹnu mọ́. Wọ́n tún lù mí. Mo rí ọkùnrin kan tó ń yí táyà bọ̀ láti ọ̀dọ̀ fọkanáísà tó wà ní ìkòríta. Ó ń yí i pẹ̀lú ọwọ́ kan, kò kánjú. Mo ń wò ó bí ẹni tó ń wo ohun tí kò kàn án.

Alhaja tó ni ilé wa jáde. Obìnrin arúgbó ni, orúnkún ń dùn ún, kì í sábà bọ́ sí ìta. Ó rin gba àárín wọn kọjá, ó di ọwọ́ mi mú, ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lórí ọ̀dà títì, ó tẹ́ ìborùn rẹ̀ lé mi lórí. Ó ní, "Ẹ bẹ̀rẹ̀ látorí mi."

"Alhaja, ẹ dìde."

"Mi ò lè dìde. Ẹ ò mọ bí mo ṣe fi orúnkún yìí jókòó. Tí ẹ bá fẹ́ ṣe é, ẹ ṣe é, oòrùn ti ń mú."

Wọ́n ń bá a fà á títí ọkọ̀ ọlọ́pàá fi dé. Mi ò mọ ẹni tó pè wọ́n. Èmi ni wọ́n kọ́kọ́ gbé.

Ní téṣàn, ọlọ́pàá kan tó ti ń hewú fún mi ní ìwé, ó ní kí n kọ gbogbo ọ̀rọ̀ èdè náà sílẹ̀, kí n kọ ìtumọ̀ rẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́. Ètè mi wú, ọwọ́ mi dá ṣáká. Mo kọ ogún. Ẹ̀gbọ́n náà jókòó lórí bẹ́ǹṣì lódìkejì, ó ń wò mí.

Ọlọ́pàá náà kà á. "Màmá, ibo ni ìlú yìí wà?"

"Kò sí níbì kankan, sà."

"Ta ni ọba ibẹ̀?"

"Wọn ò ní ọba, sà."

"Wọn ò ní ọba, wọ́n ní òfin."

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

"Wọ́n gbìyànjú," ó ní. Kò rẹ́rìn-ín. Ó fi bírò tọ́ka sí èyí tó kẹ́yìn. "Ẹ ò fi àmì sí èyí. Kò sí èyí tí ẹ fi àmì sí nínú gbogbo wọn."

"Kò ní àmì, sà."

"Kí ni mo fẹ́ kà? Tó bá jẹ́ ikú yẹ̀, àdúrà ni. Tó bá jẹ́ ikú yẹ, a ò sí níbi àdúrà mọ́. Ẹ fi àmì sí i."

Ẹ̀gbọ́n náà tẹ̀ síwájú lórí bẹ́ǹṣì rẹ̀.

Mo mú bírò náà. Àmì kan ṣoṣo ló yà wọ́n, ìlà kékeré tó dà sápá òsì. Mo gbé e sókè ìwé náà, mi ò gbé e lé e. Mo wò ó pé tí mo bá fi síbẹ̀, wọ́n á tún tẹ fóònù, gbogbo wa á gbọ́ pé ohùn mi kò wálẹ̀ rárá. Mo wá kọ ọ́ sí abẹ́ rẹ̀ pé: Kò ní àmì. Inú "ikú yẹ̀" ni mo ti mú un.

Ọlọ́pàá náà kà á sókè. Ẹ̀gbọ́n náà bi mí pé, "Kí ló dé tí o yọ àmì ẹ̀?"

"Torí ìtàn ni, sà."

"Ìtàn," ó ní.

Ọlọ́pàá náà sọ fún un pé kò sí ìwé òfin lọ́wọ́ òun tó mọ èdè yìí, àti pé ẹni tó bá pe èèyàn ní àjẹ́ tó sì lù ú náà ní ẹjọ́ láti jẹ́. Ó ní kí ó má ṣe débi ilé mi mọ́. Ó wá yí sí mi. Ó ní kí n máa wá fọwọ́ síwèé ní gbogbo ọjọ́ Ajé. "Obìnrin yẹn ṣì wà láàyè," ó ní. "Ẹ máa bẹ Ọlọ́run kó wà bẹ́ẹ̀. Tí nǹkan bá ṣe é, ọ̀rọ̀ yìí á kúrò lọ́wọ́ mi." Alhaja ló dúró fún mi. Ìwé ìtàn mi, wọ́n gbà á sọ́dọ̀.

Mo fọwọ́ síwèé fún ọ̀sẹ̀ mọ́kànlélógún. Bí mo bá ti dé, màá wo ojú ọlọ́pàá náà kí n tó kí i, láti mọ̀ bóyá obìnrin náà ti kú. Á ní, "Ó wà níbẹ̀." Màá fọwọ́ sí i, màá lọ.

Mi ò mọ bí mo ṣe máa sọ bí àwọn oṣù yẹn ṣe rí. Wọn ò rí bí nǹkan kan. Mo ń jẹun, mi ò mọ ohun tí mo jẹ. Mo ń ṣọ́ ohùn mi. Tí mo bá fẹ́ sọ pé ọkọ̀, màá dúró, màá kọ́kọ́ gbé e wò lẹ́nu, kí n má baà sọ ọkọ tàbí ọkọ́. Mo ń kí àwọn èèyàn bí ẹni tó ń rìn lórí ẹyin. Ọ̀pọ̀ wọn kì í dáhùn. Mo gbìyànjú lẹ́ẹ̀kan láti rántí ibi tí mo bá ìtàn náà dé, àwọn wo ló wà lórí afárá, kí ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀. Mi ò rí ẹnì kankan.

Ìyá Ìbejì wá ní oṣù kejì. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà.

"Àǹtí, èmi ni mo fi ohùn yẹn ránṣẹ́."

"Mo mọ̀."

"Ẹ̀rín ni mo fẹ́ kí wọ́n rín."

"Wọlé, jókòó."

Ó jókòó. Ó ní òun ti lọ sí ọsibítù lẹ́ẹ̀mẹta, wọn ò jẹ́ kí òun wọlé, ẹ̀ẹ̀kẹrin ni wọ́n jẹ́. Dókítà ní ẹ̀jẹ̀ ríru ni, ó ti wà lára obìnrin náà fún ọdún mélòó kan, ó sì ní oògùn tó yẹ kó máa lò. Ó ti pa á tì láti ìgbà tó ti dé Èkó. "Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ gbọ́," Ìyá Ìbejì ní. "Dókítà sọ ọ́ lójú ẹ̀."

"Kí ló wí?"

"Ó ní dókítà ń wo ara. Ó ní ta ló ń wo ọ̀rọ̀?"

Ní oṣù kẹta, obìnrin náà sọ ọ̀rọ̀ kan. Wọ́n ń fún un ní ẹ̀kọ, ó ní, "Rárá." Ìyá Ìbejì ló pè mí láti sọ fún mi. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, mo gbé fóònù sílẹ̀, mo lọ ká aṣọ lórí okùn. Ní oṣù karùn-ún, ó ti ń sọ̀rọ̀, ó ń falẹ̀, ó ń dúró láàrin. Ọlọ́pàá náà fúnra rẹ̀ lọ gba ọ̀rọ̀ sílẹ̀ lẹ́nu rẹ̀. Lọ́jọ́ Ajé tó tẹ̀ lé e, ó kà á fún mi. Obìnrin náà sọ pé òun ló fi oògùn sílẹ̀, kò sọ fún ẹnikẹ́ni nílé. Orí ti ń fọ́ òun ṣáájú ọjọ́ Sátidé yẹn. Ó wá ní ọ̀rọ̀ náà ba òun lẹ́rù, òun kò sì sùn fún òru mẹ́ta.

Ọlọ́pàá náà gbé ojú sókè. "Ẹ gbọ́ gbogbo ẹ̀?"

"Mo gbọ́, sà."

"Mo máa pa fáìlì yìí dé."

Mo bi í pé, "Òru mẹ́ta tó wí yẹn ńkọ́?"

"Ìyẹn ò sí nínú òfin, màmá," ó ní. Ó dá ìwé ìtàn mi padà fún mi. Mi ò tíì ṣí i.

Ilé iṣẹ́ náà ní kí n padà wá. Mi ò lè lọ, torí pé ẹ̀gbọ́n náà kò wá síbi tí wọ́n ti pa fáìlì dé, kò sì fi ọ̀rọ̀ kankan ránṣẹ́. Ó ti sọ ohun tó máa ṣe fún mi lójú gbogbo èèyàn, kò tíì sọ pé òun ò ní ṣe é mọ́. Àbúrò rẹ̀ ti ń sọ̀rọ̀, bẹ́ẹ̀ ni, ṣùgbọ́n ọwọ́ rẹ̀ ò padà, ta ló sì mọ ibi tí ẹni tí inú ń bí máa fi ààlà sí? Mo rí i lẹ́ẹ̀mejì ní Òṣòdì. Lẹ́ẹ̀kejì, ó dúró wò mí títí mo fi kọjá. Láti ìgbà yẹn, mi ò gba Òṣòdì mọ́. Tí mo bá fẹ́ lọ síbì kankan, màá rin àyíká tó fi ìdajì wákàtí jìn jù ú lọ.

Ọjọ́ Sátidé kan ni, lẹ́yìn ìrun Àsárì. Alhaja kànlẹ̀kùn mi, ó ní, "O ní àlejò." Ohùn rẹ̀ kò jẹ́ kí n béèrè ta ni.

Obìnrin náà ló wà lẹ́nu ọ̀nà, ó fi igi tilẹ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó gbé báàgì rẹ̀ dání. Mo kúnlẹ̀ kí n tó mọ̀ pé mo ti kúnlẹ̀.

"Ẹ dìde, Àǹtí," obìnrin náà ní. Ó mú ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan jáde bí ẹni tó ń ṣa òkúta kúrò nínú ìrẹsì. "Ẹ dìde. Èmi ò lè kúnlẹ̀ kí yín. Kí ẹ má baà fi ìkúnlẹ̀ jù mí lọ."

Wọ́n wọlé. Mo fún un ní àga, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ jókòó lórí bẹ́ẹ̀dì mi, torí pé àga kan ni mo ní. Mo sọ fún un pé kó má bínú. Mo ní ó yẹ kí n ti ṣàlàyé fún un lọ́jọ́ náà, kí n tó padà sídìí iṣẹ́. Ó ní ó yẹ kí òun náà ti béèrè lọ́jọ́ Ajé. Ó ní ojú ló ti òun, òun ò fẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé láti ọjọ́ tí òun ti dé, ìtàn náà kò yé òun. Lẹ́yìn náà ó yíjú. "Bọ̀ọ̀dá mi. Ẹ wí i."

Ẹ̀gbọ́n náà wo ọwọ́ ara rẹ̀. "Mo sọ ọ̀rọ̀ kan fún yín lẹ́nu géètì yẹn," ó ní. "Ẹ" ló lò. "Mo kó o kúrò nílẹ̀."

"Ẹ ṣé, sà."

"Èyí tí mo ṣe lójú títì, mi ò lè kó ìyẹn."

Mo dìde, mo bu omi sínú ife méjì, mo gbé e síwájú wọn bí èèyàn ṣe ń ṣe fún àlejò. Ìgbà tí mo gbé e sílẹ̀ tán ni mo tó rò ó. Omi ilé mi ni, ilé ẹni tí wọ́n pè ní àjẹ́. Mo fẹ́ gbé e padà.

Obìnrin náà na ọwọ́ òsì. "Ẹ má bínú," ó ní, "ọwọ́ òsì ni mo ní." Ó mu díẹ̀, ó nu ẹnu, ó tún mu.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ gbé tirẹ̀ dání. Ó pẹ́. Mo ń gbọ́ bí ẹnì kan ṣe ń gún ata ní yàrá ìdáná. Ó wo inú ife náà, ó wo àbúrò rẹ̀, àbúrò rẹ̀ kò wò ó. Ó gbé e sẹ́nu, ó mu ún, ó mu ún tán, ó gbé ife náà sílẹ̀ lórí ilẹ̀ láàrin ẹsẹ̀ rẹ̀.

Mo sìn wọ́n dé ẹnu géètì. Ẹ̀gbọ́n náà di àbúrò rẹ̀ mú sọ̀kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn ibẹ̀, wọ́n wọ kẹ̀kẹ́.

Nígbà tí mo padà, Alhaja wà lórí àga rẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀.

"Wọ́n ti lọ?"

"Wọ́n ti lọ, mà."

"Ọkùnrin yẹn mu omi?"

"Ó mu ún."

"Títán?"

"Ó mu ún tán."

"Ó tán nìyẹn," ó ní, ó sì padà sídìí rédíò rẹ̀.

Mo wọlé. Mo rò pé ẹkún máa wá, mo jókòó dè é fún ìgbà díẹ̀. Kò wá. Mo gbé ife méjèèjì, mo fọ̀ wọ́n, mo dojú wọn dé.